Igi Inú Fóònù Bàbá Télọ̀

Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí ìbàdí òun ṣe tó gan-an, kó má lọ bá Bàbá Télọ̀. Kì í ṣe pé ọkùnrin náà jẹ́ òpùrọ́. Bó bá ní kí ẹ wá gba aṣọ yín lọ́jọ́ Ẹtì, lọ́jọ́ Ẹtì náà lẹ máa bá a lórí ìkọ́, tó ti lọ̀ ọ́ tó ń dán, ẹ̀yin náà sì mọ̀ pé iye télọ̀ tí a lè sọ bẹ́ẹ̀ nípa rẹ̀ kò pọ̀. Ṣùgbọ́n bó bá ti na téèpù yí obìnrin ká, nọ́ńbà tó máa jáde lẹ́nu rẹ̀ kì í ṣe èyí tó wà lójú téèpù. Bí téèpù bá ní ogójì, òun á ní, "Mẹ́rìndínlógójì péré! Ṣé wọn ò fún ẹ lóúnjẹ nílé ni?" Oníbàárà á rẹ́rìn-ín, á fi ọwọ́ pa ìbàdí rẹ̀ lójú dígí. Bàbá Télọ̀ á wá yíjú sí tábìlì, á kọ ogójì wẹ́rẹ́ sínú ìwé ìwọ̀n rẹ̀, ogójì náà ni yóò sì gé aṣọ sí. Aṣọ á wọ̀ rẹ́gí, kò sẹ́ni tó máa béèrè bó ṣe jẹ́.

"Ẹnu ni mo fi ń kẹ́ wọn," ó máa ń sọ fún ìyàwó rẹ̀, "ìwé ni mo fi ń bẹ̀rù Ọlọ́run."

Yàrá iwájú ilé rẹ̀ ló fi ṣe ṣọ́ọ̀bù. Àtẹ̀gùn méjì péré, ẹ ti bọ́ sójú títì. Fèrèsé kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀, ó tóbi, oòrùn ọ̀sán sì máa ń gba ibẹ̀ wọlé wá na ara rẹ̀ sórí tábìlì ìgéṣọ, tí eruku òwú á máa fò wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́ nínú rẹ̀. Ẹ̀rọ ìránṣọ ẹlẹ́sẹ̀ kan, áyọ́ọ̀nù kan, dígí gíga kan tí igun rẹ̀ ti sán, àti àga kékeré méjì. Orí àga kejì ni ìyàwó rẹ̀ máa ń jókòó sí, tó máa ń fi ọwọ́ gán bọ́tìnì. Ọdún méjìlélọ́gbọ̀n ló fi pe ìbàdí obìnrin yìí ní ọgbọ̀n. Ọgbọ̀n nígbà tó fẹ́ ẹ, ọgbọ̀n lẹ́yìn tó bímọ, ọgbọ̀n nígbà tó ti sanra débi pé ọkọ ní láti rìn yí i po kó tó fi téèpù ká a tán. Obìnrin náà mọ̀, ó kàn ń rẹ́rìn-ín ni.

Òun náà ní tirẹ̀ tó fi ń san án padà. Bí orí bá ń fọ́ ọ, bí òòyì bá ń kọ́ ọ, tí ọkọ bá béèrè, á ní, "Kò sí nǹkan. Ara le." Ọkọ fẹ́ràn ọ̀rọ̀ dídùn, kì í béèrè lẹ́ẹ̀kejì. Lọ́jọ́ kan, lọ́sàn-án gangan, abẹ́rẹ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, òun náà sì ṣubú tẹ̀lé e. Àwọn dókítà ní ẹ̀jẹ̀ ríru ni, pé ó ti pẹ́ lára rẹ̀. Ọjọ́ kẹta ló kú.

Nígbà tó di ọdún kejì, wọ́n bá ẹ̀jẹ̀ ríru lára Bàbá Télọ̀ náà. Ọmọ kan ṣoṣo ló bí, obìnrin, tí wọ́n ń pè ní Tẹ́ẹ́rẹ́ láti kékeré nítorí pé kò sí aṣọ tó dúró lára rẹ̀. Tẹ́ẹ́rẹ́ ń ṣiṣẹ́ ní ìlú òkèèrè, ibi tó jẹ́ pé bílẹ̀ bá ń mọ́ níbí, ọ̀sán ti pọ́n lọ́dọ̀ tirẹ̀. Ó fi ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń wọn ẹ̀jẹ̀ ríru ránṣẹ́, ó sì bẹ nọ́ọ̀sì ilé ìwòsàn àdúgbò pé kó bá òun fi áàpù kan sórí fóònù bàbá òun.

Áàpù náà kò le. Láràárọ̀, kí bàbá tó jẹun, á wé àpò ẹ̀rọ mọ́ apá, á jókòó jẹ́ẹ́, á tẹ nọ́ńbà tó bá jáde sórí fóònù, á sì fi hàn pé òun ti lo oògùn. Igi kan wà nínú áàpù náà. Bí nọ́ńbà bá dára, igi á yọ ewé tuntun. Bí kò bá dára, ewé á pọ́n, á já bọ́. Igi tí bàbá ń wò níbí ni Tẹ́ẹ́rẹ́ ń wò lọ́hùn-ún, òun náà ni nọ́ọ̀sì sì ń wò lórí kọ̀ǹpútà níbi iṣẹ́.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, mẹ́rìnlélọ́gọ́jọ ló jáde. Bàbá Télọ̀ tẹ̀ ẹ́ bó ṣe rí i. Ewé mẹ́ta já lójú rẹ̀, wọ́n rọra ń bọ̀ wá sílẹ̀ bí àgékù aṣọ tó bọ́ lórí tábìlì. Kó tó gbé fóònù sílẹ̀, ó ti ń dún.

"Bàbá mi, kí ló dé? Ṣé ẹ sùn? Ṣé ẹ ti lo oògùn yín?" Ohùn Tẹ́ẹ́rẹ́ ń gbọ̀n. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣe bí Ìyá mi ṣe ṣe fún mi o."

"Ara mi le, ọmọ mi. Ẹ̀rọ yẹn ṣẹ̀ṣẹ̀ ń mọ̀ mí ni."

Ọmọ náà rò pé òun ti pa fóònù, ṣùgbọ́n kò tíì pa á. Bàbá rẹ̀ gbọ́ ọ tó ń sunkún níbi iṣẹ́, láàárín àwọn àjèjì.

Ẹkún yẹn wọ̀ ọ́ lára. Lọ́jọ́ kejì tí méjìlélọ́gọ́jọ jáde, ó wò ó títí, ó wá ṣe ohun tí ọwọ́ rẹ̀ ti mọ̀ ọ́n ṣe láti ogójì ọdún: ó dín in kù fún oníbàárà. Méjìdínláàádóje ló tẹ̀. Ewé tuntun kan yọ, ó tutù yọ̀yọ̀. Fóònù kò dún o, àwòrán ọkàn pupa kan ni Tẹ́ẹ́rẹ́ fi ránṣẹ́. Bàbá Télọ̀ rẹ́rìn-ín. Ó yíjú sí tábìlì, ó ṣí ìwé ìwọ̀n sí ojú ewé tó mọ́, ó kọ "Èmi" sókè rẹ̀, ó sì kọ méjìlélọ́gọ́jọ sábẹ́ rẹ̀. Ọwọ́ rẹ̀ kò lè kọ irọ́ sínú ìwé yẹn.

Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Igi náà ń dàgbà. Láàárín oṣù mẹ́ta ó ti di ńlá, ó ní ẹ̀ka, ó ní òjìji. Bàbá Télọ̀ wá fẹ́ràn rẹ̀ débi pé á gbé fóònù ti ẹ̀rọ ìránṣọ, á máa wò ó bó ti ń ṣiṣẹ́. Oòrùn ọ̀sán á mú ojú rẹ̀ wúwo, á tòògbé, igi náà á sì jáde láti inú fóònù, á gba àárín yàrá, á la àjà kọjá. Fẹ́lífẹ́ẹ̀tì ni gbogbo ewé rẹ̀, sìsọ́ọ̀sì òun fúnra rẹ̀ ló sì gé wọn. Ìyàwó rẹ̀ á wà lórí àga kejì lábẹ́ igi náà, á di etí téèpù kan mú, òun á di ìkejì mú.

"Mélòó ló pè?" obìnrin náà á béèrè.

Á sọ ọ̀kan nínú àwọn nọ́ńbà dídùn rẹ̀. Obìnrin náà á kàn ju etí téèpù sílẹ̀, téèpù á máa ká, á máa ká, kò sì ní tán. Lọ́jọ́ kan tó ta jí, ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣì ń wa ẹ̀rọ, ó sì ti rán ẹnu apá aṣọ oníbàárà pa pátápátá, àfi bí ẹni ń rán àpò ìrẹsì.

Ó rẹ́rìn-ín sí ìyẹn. Àmọ́ kò rẹ́rìn-ín nígbà tí ihò abẹ́rẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í di méjì lójú rẹ̀ láràárọ̀.

Ní oṣù kẹrin, Nọ́ọ̀sì wọlé lọ́sàn-án ọjọ́ tí kò sí lẹ́nu iṣẹ́. Aṣọ iṣẹ́ tuntun ló fẹ́ rán. Obìnrin ẹlẹ́rìn-ín ni, ara rẹ̀ kún dáadáa, ọdún keje rèé tó ti ń ránṣọ lọ́dọ̀ Bàbá Télọ̀.

"Bàbá, ẹ kú oríire o! Nínú gbogbo àwọn tó wà lórí áàpù wa, igi yín ló tutù jù. A fi han dókítà. Ó ní oògùn méjì tẹ́ ẹ̀ ń lò yẹn, kẹ́ ẹ dá ọ̀kan dúró láti ọjọ́ Ajé, kí ẹ̀jẹ̀ yín má lọ sílẹ̀ jù."

Bàbá Télọ̀ mọ ohun tó kọ sínú ìwé láàárọ̀ ọjọ́ náà. Òótọ́ dé ẹnu ọ̀nà ọ̀fun rẹ̀, ó rántí ẹkún Tẹ́ẹ́rẹ́, ó gbé e mì. "Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run," ó ní, ó sì fa téèpù yọ lọ́rùn. Ó bẹ̀rẹ̀, ó fi yí ìbàdí obìnrin náà ká. Nígbà tó ń nàró, yàrá yí lójú rẹ̀, fèrèsé bọ́ sí ibi tí dígí wà. Ó di etí tábìlì mú.

"Mẹ́rìndínlógójì!" ó kígbe, bí ẹni tí nǹkan kan kò ṣe.

Nọ́ọ̀sì bú sẹ́rìn-ín. "Bàbá yìí! Ọdún keje rèé tẹ́ ẹ ti ń pè é ní mẹ́rìndínlógójì. Mo bímọ méjì láàárín ẹ̀, mẹ́rìndínlógójì. A wọn ara wa níbi iṣẹ́ lọ́sẹ̀ tó kọjá, méjìlélógójì ni wọ́n bá níbẹ̀! Aṣọ yín ò sì fún mi rí. Mo ní ìwọ̀n méjì ni bàbá yìí ní, èyí tó ń sọ fún wa, àtèyí tó ń..."

Nọ́ọ̀sì wo ọwọ́ tó di etí tábìlì mú gírígírí. Ó wo igi tó tutù minimini lójú fóònù. Ẹ̀rín gbẹ lẹ́nu rẹ̀.

"Bàbá. Tòótọ́ dà?"

Bàbá Télọ̀ wo àga kejì. Lẹ́yìn náà ló fa ìwé ìwọ̀n jáde, ó ṣí i sí ojú ewé "Èmi", ó nà án sí i.

Nọ́ọ̀sì fi ìka tọ̀ ọ́ wálẹ̀. Méjìlélọ́gọ́jọ. Méjìdínláàádọ́sàn-án. Méjìléláàádọ́sàn-án. Ti àárọ̀ ọjọ́ náà, mẹ́rìndínlọ́gọ́sàn-án. Ó jókòó sórí àga kejì, ibi tí ẹnikẹ́ni kò jókòó sí láti ọjọ́ tí ìyàwó ti kú.

"À bá fọwọ́ ara wa pa yín," ó ní jẹ́jẹ́.

"Ẹkún ló máa ń sun, Nọ́ọ̀sì. Lọ́dọ̀ àwọn àjèjì."

"Ẹ jẹ́ kó sun ún. Ẹkún ò pa ẹnì kankan rí."

Ó pe dókítà níbẹ̀ níbẹ̀, ó ní kí ẹnikẹ́ni má dá oògùn kankan dúró, pé òun ń gbé bàbá bọ̀. Lẹ́yìn náà ó ti fóònù sọ́wọ́ rẹ̀. Bàbá Télọ̀ fi àtàǹpàkò tẹ mẹ́rìndínlọ́gọ́sàn-án, ó sì tẹ gbogbo èyí tó wà nínú ìwé tẹ̀lé e, ọjọ́ kan lẹ́yìn òmíràn. Igi náà bẹ̀rẹ̀ sí í wọ́wé. Kò yára. Ewé kan á pọ́n, á já, á rọra balẹ̀, òmíràn á tẹ̀lé e. Àwọn méjèèjì ń wò ó nínú oòrùn ọ̀sán, títí ó fi ku ẹ̀ka lásán.

Fóònù dún. Bàbá Télọ̀ sọ gbogbo rẹ̀ fún ọmọ rẹ̀, kò fi oyin sí i.

"Ẹ kà á fún mi," Tẹ́ẹ́rẹ́ wá sọ. "Látòkè."

Ó kà á látòkè délẹ̀. Nígbà tó parí, ọmọ náà ń sunkún. Kò sọ fún un pé kó dákẹ́, kò sì pa fóònù. Ó jókòó tì í bẹ́ẹ̀.

Wọ́n yí oògùn rẹ̀ padà. Nọ́ńbà ń wálẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ewé mélòó kan sì ti padà sórí igi, kò tíì pọ̀. Nígbà tí Nọ́ọ̀sì padà wá rán aṣọ mìíràn, Bàbá Télọ̀ fi téèpù ká a, ó kéde tìdùnnú-tìdùnnú pé, "Méjìlélógójì!"

"Háà! Bàbá! Ẹ̀jẹ̀ ni mo ní kẹ́ ẹ máa sọ òótọ́ ẹ̀. Ta ló bá yín dé ọ̀rọ̀ ìbàdí mi?"

Ló bá padà sí mẹ́rìndínlógójì.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, oòrùn tún mú ojú rẹ̀ wúwo. Ìyàwó rẹ̀ wà lábẹ́ igi tí ewé rẹ̀ kò pọ̀, ó di etí téèpù tirẹ̀ mú. "Mélòó ló pè?" Ó sọ iye tó rí láàárọ̀, obìnrin náà kò sì ju téèpù sílẹ̀ mọ́. Ìgbà náà lòun béèrè pé, "Ìwọ ńkọ́, báwo lara?"

"Kò sí nǹkan. Ara le."

"Mo ní báwo lara?" ó béèrè lẹ́ẹ̀kejì.

Obìnrin náà wò ó fún ìgbà pípẹ́. "Orí ń fọ́ mi, ọkọ mi," ó ní. "Ó ti pẹ́ tó ti ń fọ́ mi."

Fóònù ló jí i. Ojú rẹ̀ tutù, oòrùn ti kúrò lórí tábìlì. Tẹ́ẹ́rẹ́ ni.

"Bàbá mi, báwo lara yín?"

Ó fẹ́ sọ pé ara le. Ó nu ojú rẹ̀.

"Orí fọ́ mi díẹ̀ láàárọ̀, ọmọ mi," ó ní. "Àárò ìyá rẹ sì ń sọ mí."