Ẹni Tó Káwọ́ Lérí Kò Jó

Inú ṣì ń bí mi. Ẹ má sọ pé ó ti pẹ́, ó pẹ́ kò pẹ́, inú ń bí mi.

Mò ń ṣiṣẹ́ ní ṣọ́ọ̀bù ọ̀gá kan ní Àlàbá nígbà náà, a máa ń da fíìmù kọ sórí sídí. Ọjọ́ kan ni ọ̀gá mú fíìmù àtijọ́ kan dé tí kò lóhùn rárá. Àwọn òyìnbó ló yà á nígbà ogun àgbáyé àkọ́kọ́. Obìnrin ń gúnyán, ọmọdé ń wẹ̀ lódò, lẹ́yìn náà làwọn ọkùnrin wa ń ru ẹrù ṣọ́jà lọ sógun Kamẹrúùnù. Ọ̀gá ní fíìmù tó yadi kò lè tà. "Ìwọ tẹ́nu ẹ mú yìí, bá wọn sọ̀rọ̀."

Èmi gọ̀ǹgọ̀ǹsú, mo jókòó ti máíkì. Ọkùnrin kan sọ ẹrù kalẹ̀, ó káwọ́ lérí, ó ń mì síwá sẹ́yìn. Àkọlé Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n kọ sójú fíìmù náà ní ó ń jó. Mo gbà á gbọ́! Mo fi orin sí i, mo sì gbẹnu rẹ̀ sọ̀rọ̀: "Ẹ̀yin ará ilé, ogun dùn ju ìyàwó lọ o!" Àlàbá rẹ́rìn-ín títí, sídí náà sì tà wàràwàrà.

Ìyá onílé mi, ọmọ bíbí ìlú Ìbà, gbọ́ nípa rẹ̀. Bàbá bàbá wọn ru ẹrù lọ sógun yẹn, kò padà. "Mi ò mọ ojú wọn," ni wọ́n wí, "àmọ́ jẹ́ kí n wò ó, bóyá ẹ̀jẹ̀ á mọ ẹ̀jẹ̀." Mo mú wọn lọ sí ṣọ́ọ̀bù, orí mi ń wú. Nígbà tó kan ọkùnrin yẹn, gbogbo wa bú sẹ́rìn-ín. Ìyá kò rẹ́rìn-ín.

"Ìwọ ọmọ Yorùbá, níbo lo ti rí ẹni tó káwọ́ lérí tó ń jó? Pa ohùn ẹ!"

Mo pa á. Wọ́n wò ó láìsí ohùn, wọ́n sì rọra ká ọwọ́ tiwọn náà lérí. Ìtìjú bò mí. Mo bẹ ọ̀gá pé kó má tà á mọ́, ó ní ṣé orí mi dàrú ni. Ọjọ́ náà ni mo fiṣẹ́ sílẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹyin lohùn, ó ti balẹ̀.

Ìyá ti di olóògbé báyìí. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ní Òkòkòmáíkò, mo gbọ́ ohùn ara mi nínú fóònù ọ̀dọ́mọkùnrin kan, òun àtàwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń rẹ́rìn-ín. Mo jágbe mọ́ ọn pé kó pa ohùn náà.

Ó wò mí tìyanu-tìyanu. "Àh, Bàbá, ibi tó dùn jù lẹ ní ká pa yìí."