Bí A Ṣe Sọ Ọmọ Wa Ní Toksanay

Mo gbé e dé o!
"Gbé e kalẹ̀ ká wò ó!"
Ó wúwo o!
"Àwa pọ̀, a ó bá ọ gbé e!"

Ẹ súnmọ́ tòsí nígbà náà, ẹ ki ẹsẹ̀ bọ abẹ́ aṣọ òtútù. Tòní kì í ṣe ti kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀, kì í sì í ṣe ti ìkookò. Ti baba ọkọ mi ni, àti ti orúkọ tí ìyá yín ń jẹ́. Ojú á tì mí kí n tó sọ ọ́ tán, ẹ má wò mí lójú.

Èmi kì í pe orúkọ baba ọkọ mi. Ìyàwó ilé kì í pe orúkọ àna, ìbáà tilẹ̀ ti kú. "Baba Ìjókòó-Òkè" ni mo ń pè é nígbà ayé rẹ̀, nítorí pé bó bá ti wọ àgọ́ ẹnikẹ́ni, ibi tó kọjú sí ẹnu ọ̀nà, níbi tí wọ́n tẹ́ ẹní àgbà sí, ibẹ̀ ni ojú rẹ̀ máa ń lọ tààrà kó tó kí onílé.

"Kenjebek ni orúkọ rẹ̀, Màmá àgbà!"

Ẹ̀yin lẹ pè é. Èmi ò pè é o.

Ohun tí gbogbo Saribulak, abúlé wa, fi mọ̀ ọ́n jù ni ọjọ́ tó já orí àgùntàn gbà mọ́ Baba Ospan lọ́wọ́. Ọjọ́ ìsọmọlórúkọ ìyá yín ni. Ọkọ mi wà lókè lọ́dọ̀ agbo ẹran. Wọ́n pa àgùntàn, wọ́n sè é, mo gbé orí rẹ̀ wọlé nínú àwo. Ọ̀dọ̀ ẹni tó dàgbà jù nínú àgọ́ ni orí ń lọ, ẹ̀yin náà mọ̀. Ó ti pẹ́ tí Baba Ospan ti ń gbà á, nítorí ó pé mọ́kànlélọ́gọ́rin, kò sì sí ẹni tó jù ú. Ó ti na ọwọ́. Àwo ò dé ọ̀dọ̀ rẹ̀.

"Ospan, rọra," ni baba ọkọ mi wí, ó ti fa àwo sórí itan. "Orí yìí mọ ẹni tó ń wá."

"Kí lẹ wí?"

"Mo ní mo jù ọ́ lọ. Mo kàn ń fara mọ́ ọn láti ọjọ́ yìí ni, kí ojú má baà tì ọ́."

Baba Ospan fọwọ́ ra irùngbọ̀n rẹ̀. Ọkùnrin jẹ́jẹ́ ni, ṣùgbọ́n jẹ́jẹ́ kì í ṣe gọ̀.

"Ó dáa bẹ́ẹ̀, ẹ̀gbọ́n. Ọmọ ò sì tíì lórúkọ. Ẹ jẹ́ ká ṣe é bí àwọn baba wa ṣe ń ṣe é. Ẹ sọ iye ọdún yín ká fi sọ ọmọ, kí òun náà lè pẹ́ láyé tó yín. Mélòó ni?"

Ẹ ò rí pàkúté! Bó bá ní méjìlélọ́gọ́rin, wọn á ní ọdún kan péré ló fi ń ṣe gbogbo fáàrí yìí. Òógùn bo iwájú orí rẹ̀. Ẹnu rẹ̀ sáré ju ọgbọ́n rẹ̀ lọ.

"Àádọ́rùn-ún!"

Bẹ́ẹ̀ ni Baba Ospan ṣe gbé ìyá yín, ó fẹnu sí i létí, ó sì pè é ní Toksanay lẹ́ẹ̀mẹta. Toksan, àádọ́rùn-ún ni. Ay, òṣùpá ni. A ní Alpisbay lábúlé, tí wọ́n bí nígbà tí baba baba rẹ̀ pé ọgọ́ta. A ní Seksenbay, ti ọgọ́rin. Ọkùnrin ni gbogbo wọn. Ọmọbìnrin tó ń jẹ́ Àádọ́rùn-ún, a ò rí irú ẹ̀ rí. Wọ́n ní ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ. Àwa, orí àgùntàn la wò.

Èmi mọ̀. Ohun tó ń tì mí lójú nìyẹn. Mo ń bu tíì lọ́wọ́ nígbà tó sọ ọ́. Ọdún Ẹṣin ni wọ́n bí baba ọkọ mi, kò sí ọjọ́ kan tí kì í fi í yangàn: "Ẹṣin lèmi, ẹ má fi mí wé àwọn tí wọ́n bí lọ́dún Ehoro!" Ọdún tí a sì bí ìyá yín náà, ọdún Ẹṣin ni. Ẹranko méjìlá ló ń gba ọdún lọ́wọ́ ara wọn. Bí méjìlá bá yí po, tìrẹ á padà dé. Ọdún tí wọ́n bíni gan-an la sì ń kà ní ọ̀kan. Mi ò mọ̀wé, ṣùgbọ́n mo mọ oríkèé ìka mi. Mo kà á lábẹ́ àwo tíì. Mẹ́tàléláàádọ́rin ni Baba. Ó fi ọdún mẹ́tàdínlógún bu iyọ̀ sí i.

Ìyàwó Baba Ospan tẹ̀lé mi jáde síbi iná.

"Ìyàwó, èmi àti ìwọ nìkan ló wà níbí. Ṣé òótọ́ ni?"

Mo jẹ́ ọ̀dọ́ nígbà náà, mi ò fẹ́ kí wọ́n fi ilé ọkọ mi ṣẹ̀sín. Mo mú búrẹ́dì tó wà nítòsí. "Kí búrẹ́dì yìí jà mí bí mo bá purọ́. Àádọ́rùn-ún ni."

Ta ló tún máa ka ọdún lẹ́yìn ẹni tó fi búrẹ́dì búra? Ó gbà, ó lọ. Mo jẹ búrẹ́dì náà tán kíákíá, kó má baà ráyè jẹ́rìí.

Báyìí ni Baba wa ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í gbé ayé arúgbó tí kì í ṣe tirẹ̀. Ó gé ọ̀pá. Ó ní kí àwọn ọ̀dọ́ máa gbé òun sọ̀ kalẹ̀ lórí ẹṣin, méjì lápá ọ̀tún, méjì lápá òsì. Lọ́jọ́ kan, ajá Baba Ospan já okùn. Ọ̀pá wà níhìn-ín, Baba ti wà lẹ́yìn odi.

Ó tún ń sọ ìtàn. Òtútù ńlá kan wà tó pa gbogbo ẹṣin ilẹ̀ wa kí wọ́n tó bí i. Baba ní òun wà níbẹ̀, òun lòún di okùn akọ ẹṣin tó kẹ́yìn mú. Bó bá ti ń ròyìn yìnyín yẹn, tòun ti bí ìmí ẹṣin ṣe ń dì sí i nímú, èmi tí mo mọ̀ pé irọ́ ni pàápàá á máa fa aṣọ bora nínú oòrùn.

Wọ́n ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan lòtítọ́ á bá a. Ti Baba ò pé ogún. Ọdún keje ni Kulash dé.

Ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ni Kulash, ìyá arúgbó kan láti òdìkejì òkè. Ẹlẹgbẹ́ kò sì ní ìwà ọ̀wọ̀ kankan fún ẹlẹgbẹ́, bẹ́ẹ̀ ló ṣe rí láti ọjọ́ tí aláyé ti dáyé. Ó wá síbi ìgbéyàwó, ó wọ àgọ́, ó rí orí àgùntàn níwájú Baba.

"Ìwọ lágbájá!" Orúkọ rẹ̀ gan-an ló pè, èmi ni mo fò ó. "Ta ló gbé orí fún ọmọdé?"

"Kulash, ṣọ́ ẹnu ẹ. Mo ti lé ní àádọ́rùn-ún."

"Àádọ́rùn-ún kí ni? Iná orí? Èmi àti ẹ la jọ ń da ọmọ àgùntàn, èmi ni mò ń nu ikun ẹ! Bí o bá ti lé ní àádọ́rùn-ún, á jẹ́ pé mo ti kú. Ẹ dìde, ẹ wá sin mí!"

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín títí tíì fi ń dà nù. Ó yẹ kí Baba dákẹ́. Kò mọ dídákẹ́.

"Ọdún wo ni wọ́n bí ọ?" Kulash bi í.

"Ẹṣin!" Ó lu àyà. Ẹnu rẹ̀ ti mọ́ ọn lára.

"Ọmọ-ọmọ ẹ yìí ńkọ́, tí wọ́n fi ọdún ẹ sọ?"

"Òun náà, Ẹṣin!"

"Ó dáa." Kulash gbé ìka sókè. "Bí ọdún Ẹṣin bá dé, ọmọ Ẹṣin á pé mọ́kànlélọ́gọ́ta, tàbí mẹ́tàléláàádọ́rin, tàbí márùndínláàádọ́rùn-ún. Àádọ́rùn-ún yẹn, ibo ló gbà wọlé? Ihò èéfín?"

Baba wo ìka rẹ̀, oríkèé kan tẹ̀lé òmíràn, bí ẹni tó ń wá àgùntàn tó sọnù. Èmi wolẹ̀. Ìyàwó Baba Ospan na ọwọ́, ó sì rọra sún búrẹ́dì tó wà níwájú mi jìnnà sí mi.

Ìyá yín ló wá jìyà ẹ̀. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ilé ìwé ni. "Toksanay Onírọ́!" làwọn ọmọ ń pè é. "Toksanay, ọdún mélòó nìwọ náà, igba?" Lọ́jọ́ kan ó wọlé, ó ju àpò ìwé sílẹ̀.

"Mi ò jẹ́ Toksanay mọ́. Tíṣà ní wọ́n lè yí i padà ní ọ́fíìsì. Aygul ni mo fẹ́ máa jẹ́."

"Kí ló ṣe orúkọ rẹ?" ni mo wí, bí ẹni tí kò mọ̀.

"Irọ́ ni! Bí ẹ bá ti ń pè mí, irọ́ lẹ ń pa!"

Baba wà lẹ́yìn aṣọ ìkélé. Ó gbọ́ gbogbo rẹ̀. Kò jẹun lọ́jọ́ náà, kò jẹ lọ́jọ́ kejì, ẹran ẹṣin ni mo sì sè.

Nígbà tí wọ́n pa ẹran tí wọn ó jẹ nígbà òtútù nílé Baba Ospan, gbogbo abúlé pé. Baba ò lọ síbi ìjókòó òkè. Ẹnu ọ̀nà ló jókòó sí, láàárín àwọn bàtà.

"Ẹ gòkè wá," ni Baba Ospan wí.

"Ibi tó yẹ mí ni mo wà."

"Orí bàtà lẹ wà. Bàtà mi ni."

Baba dìde, ó ṣí fìlà. Ẹ̀yin ọmọ, mi ò rí orí rẹ̀ lásán lójú agbo rí. "Ẹ̀yin èèyàn mi, mo purọ́. Nítorí orí àgùntàn ni mo ṣe purọ́. Ẹ máa pè mí lónírọ́, ó bá mi mu. Ẹ má pe ọmọ yìí bẹ́ẹ̀. Ọmọ ọjọ́ méje ni lọ́jọ́ náà, kò bá mi jẹ nínú orí yẹn."

Ẹsẹ̀ mi gbé èmi náà dìde. "Èmi náà fi búrẹ́dì búra irọ́," ni mo wí, mo sì fi aṣọ bojú.

Baba Ospan ń mu tíì rẹ̀ lọ. "Mo ti mọ̀ láti ọjọ́ kìíní," ló wí.

"Kí ló dé tẹ́ ò sọ?"

"Láti ìgbà tí mo ti di àgbà jù lọ, kò sẹ́ni tó rán mi níṣẹ́ mọ́. Ọjọ́ tẹ́ ẹ gba orí yẹn, ìyàwó mi ní kí n lọ pọn omi, ó ní ọ̀dọ́ ṣì ni mí. Ọdún méje ni mo fi ṣe ọ̀dọ́ nítorí yín. Ó dùn mọ́ mi púpọ̀!"

Gbogbo èèyàn rẹ́rìn-ín, àfi ìyá yín. "Àwọn ọmọ iléèwé ò ní gbàgbé," ló wí. "Aygul ni mo fẹ́."

Baba lóṣòó síwájú rẹ̀. "Toksanay, mo ti pé ọgọ́rin, ọgọ́rin tòótọ́. Bí mo bá rìn ín títí mo fi dé àádọ́rùn-ún, ṣé yóò ṣì jẹ́ irọ́?"

Ó rò ó. "Rárá."

"Fún mi láyè kí n rìn ín."

"Bẹ́ ò bá débẹ̀ ńkọ́?"

"Kí o di Aygul. Mi ò ní bínú."

Láti ọjọ́ náà, ẹ wá wo bí ọkùnrin ṣe ń ṣọ́ ẹ̀mí ẹ̀! Ó wọ fìlà onírun méjì lórí ara wọn. Ó fi ẹṣin sílẹ̀, ó ń gun kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́, ojú ń ti gbogbo wa, àtàwa àti kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́. Nọ́ọ̀sì dé, ó bi í kí ló ń ṣe é. "Kò sí nǹkan tó ń ṣe mí. Ṣáà sọ fún mi ohun tí àwọn tó kú ní ọmọ ọdún mọ́kàndínláàádọ́rùn-ún ṣe, kí n má ṣe é." Nígbà tó gbọ́ pé ara Kulash ò yá, ó ránṣẹ́ sí i lọ́jọ́ náà gan-an: "O ò gbọdọ̀ kú o. Ìwọ lo mọ ọjọ́ orí mi."

Ní ìgbà ìrúwé kọ̀ọ̀kan, bí ọdún bá ti yí, á dúró lẹ́nu ọ̀nà, á pe ìyá yín. "Toksanay! Ó ku mẹ́sàn-án!" "Ó ku mẹ́jọ!" Ìyá yín á dáhùn pé, "Mo gbọ́, Baba." Nígbà tó kù márùn-ún, ó ti ń sáré wá gbọ́ ọ.

"Ó ku mẹ́ta," ni ó wí gbẹ̀yìn. Ohùn rẹ̀ ti tín-ín-rín. Ọ̀sẹ̀ tí wọ́n ń da ẹran lọ sókè ni ó sùn tí kò jí. Ìyá yín jókòó lẹ́nu ọ̀nà títí ilẹ̀ fi ṣú.

Lẹ́yìn ọdún méjì, ó pé mẹ́rìndínlógún, ó tó ẹni tó ń gba ìwé ìdánimọ̀. Èmi ni mo mú un lọ sí ọ́fíìsì. Ohun tí mo sọ fún un lójú ọ̀nà nìyí, ó sì ń tì mí lójú ju búrẹ́dì lọ: "Ọmọ mi, Aygul dára. Yí i padà. Baba ní òun ò ní bínú." Ìtìjú tèmi ni mo fẹ́ fi orúkọ tuntun nù.

Akọ̀wé wo ìwé, ó gbé ojú sókè. "Toksanay? Mi ò gbọ́ irú ẹ̀ rí. Àádọ́rùn-ún kọ́ nìyẹn? Àbúrò, ọ̀pọ̀ èèyàn ló ń yí orúkọ padà níbí. Ká kọ òmíràn? Kí ló tiẹ̀ túmọ̀ sí?"

Mo wolẹ̀. Mo ń dúró de Aygul.

"Ibi tí baba mi àgbà ń lọ ni," ni ìyá yín wí. "Ó ku ọdún mẹ́ta kó débẹ̀. Ẹ kọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Èmi á bá a rìn ín dé."

Akọ̀wé kọ ọ́. Mi ò mọ̀wé, ṣùgbọ́n mo ní kó kà á fún mi kí n gbọ́, mo sì tún ní kó kà á.

Ó yá, ẹ dìde, ilẹ̀ ti ṣú, ẹ lọ sùn. Bẹ́ ẹ bá ń kọjá níbi tí ìyá yín wà, ẹ kí i kó sùn ire, ẹ pe orúkọ rẹ̀ kó gún. Ọmọ ogójì ọdún péré ni, ọ̀nà rẹ̀ ṣì jìn.