Fíìmù Tí Ìyá Mi Ò Sí Nínú Rẹ̀

Nígbà tí mo ṣì kéré, tí bàbá mi ń dáko ní abúlé kan lẹ́yìn Ìdèrè, àwọn òyìnbó méjì gbé kámẹ́rà wá bá wa. Ẹ̀yin ọmọ, ẹ jókòó kí ẹ gbọ́, torí èmi fúnra mi kì í lè jókòó bí mo bá ń sọ ọ̀rọ̀ yìí. Ìyá mi kú lọ́dún tó tẹ̀ lé e, kò sì ya fọ́tò kankan rí láyé rẹ̀. Ojú rẹ̀ ti ń ṣá lọ́kàn mi báyìí. Mo fẹ́ tún un rí kí n tó kú, kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Tíṣà kan láti Èruwà ló ń ṣe ògbufọ̀ fún wọn. Ó ní wọ́n fẹ́ ya bí àwa ará oko tẹ́nikẹ́ni ò kà sí ṣe ń gbé ayé wa, pé ká máa ṣe bí ẹni pé wọn ò sí níbẹ̀. Ẹ gbọ́ ná! Àlejò wọlé, ká ṣe bí ẹni tí ò rí i?

Ìdí ààrò gààrí ni ìyá mi wà. Bí wọ́n bá ti kọjú kámẹ́rà sí i, á gbé igbá tó fi ń yan gààrí sílẹ̀, á kúnlẹ̀, á ní, "Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ kú oòrùn. Ṣé ẹ ti jẹun?" Òyìnbó á mi orí, á pa ẹ̀rọ. Wọ́n á tún bẹ̀rẹ̀, á tún kúnlẹ̀. Tíṣà bẹ̀ ẹ́ títí.

Ìyá mi ní, "Tíṣà, ẹ má bínú, wọn ò kọ́ mi bẹ́ẹ̀ nílé wa."

Odindi ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi bá a fà á. Àwa ọmọdé ń rẹ́rìn-ín.

Kò síbi tí mi ò tíì wá fíìmù yẹn dé. Oṣù tó kọjá ni ọmọ ọmọ mi obìnrin, tó wà ní yunifásítì, rí i lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, ló bá gbé fóònù wá bá mi n'Ígbó-Ọrà. Mo dìde, mo jókòó, mo tún dìde. Mo rí orogún ìyá mi tó ń bẹ ẹ̀gẹ́. Mo rí ewúrẹ́ wa. Mo rí gààrí nínú agbada, kò sẹ́nì kankan nídìí rẹ̀. Fíìmù bá parí.

Mo ní, "Ìyá mi dà?"

Ọmọ náà ní, "Màmá, ẹ má bínú. Nínú irú fíìmù yìí, ẹni tó bá ti bá kámẹ́rà sọ̀rọ̀, wọ́n máa ń gé e kúrò ni."

Háà! Orí yéye ní Mògún, t'àìṣẹ̀ ló pọ̀. Ewúrẹ́ tí ò kí ẹnikẹ́ni wà níbẹ̀, ìyá mi tó kí wọn ni ò sí! Mo sunkún lọ́jọ́ yẹn bí ọmọ ọwọ́.

Ayé ti yí padà. Gbogbo yín lẹ ní kámẹ́rà lápò lónìí, ẹ ó kàn na fóònù síni lójú, ẹ ò tiẹ̀ ní í kíni. Mi ò bá yín jà. Ẹ̀yin ò ní gbàgbé ojú ìyá yín. A ti kọ̀wé sí àwọn tó ni fíìmù, wọ́n ní àwọn ń wo inú páálí àtijọ́, bóyá àwọn ibi tí wọ́n gé ṣì wà ńbẹ̀. Láti ọjọ́ náà, bí fóònù bá ti dún, mo ti dìde. Kí wọ́n má wulẹ̀ tún fíìmù wọn ṣe. Ibi tí wọ́n ní ìyá mi ti bà á jẹ́ yẹn gan-an ni kí wọ́n fún mi.