Ilé-Ìwé Idán Wa Lẹ́yìn Táǹkì Omi

Ilé-ìwé tí mo ti lọ láyé mi kò kéré, mo sì ní ìwé-ẹ̀rí tí báǹkì fi gbà mí síṣẹ́, àmọ́ èyí tí ọkàn mi ṣì máa ń fà sí jù ni ilé-ìwé idán tí ẹ̀gbọ́n mi obìnrin dá sílẹ̀ lẹ́yìn táǹkì omi, nínú ọgbà ilé tí a háyà ní Lugbe. Òun ni ọ̀gá àgbà, òun ni olùkọ́, òun náà ló ń lu aago. Èmi nìkan ni akẹ́kọ̀ọ́. Èmi ni mo máa ń gba ipò kìíní, èmi náà ni mo máa ń gbẹ̀yìn.

Ẹ̀kọ́ kan ṣoṣo ni a ń kọ́ níbẹ̀: bí èèyàn ṣe lè mú ẹ̀yìn ọ̀rọ̀ ṣáájú ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ní àwọn àgbàlagbà ni kò mọ̀, wọ́n rò pé ohun tó bá kọ́kọ́ ṣẹlẹ̀ ló ń fa èyí tó tẹ̀ lé e. Ó ní irọ́ gbuu ni. Ó ní tí a bá kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, ohun tó pani lẹ́rìn-ín á wá wa wá. A rẹ́rìn-ín títí ìhà fi ń dùn wá, ni ewúrẹ́ ará ilé kejì bá wọlé, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ ṣòkòtò tí màìgádì, ọkùnrin Háúsá tó ń ṣọ́ géètì wa, sá sórí okùn. Ẹ̀rí wo ni mo tún fẹ́? Ẹ̀gbọ́n mi ti di ìyá ọmọ báyìí, Apo ló ń gbé. Tí mo bá rán an létí ewúrẹ́ yẹn, á ní òun kò mọ ohun tí mo ń sọ, á sì máa rẹ́rìn-ín sínú.

Kì í ṣe gbogbo idán náà ló ń jẹ́. Lọ́jọ́ tí mo fọ́ àwo ọbẹ̀ Mọ́mì, ọ̀gá àgbà ní kí n tètè sun ẹkún ìyà náà sílẹ̀ kó tó dé, nítorí ìyà tí a ti sunkún rẹ̀ tán kò lè dunni mọ́. Mo sunkún gbẹ. Nígbà tí Mọ́mì ti ibi iṣẹ́ dé, tó mú pàṣán, kò sí omijé kan lójú mi mọ́. Ó ní mo lágídí, ó sì fi kún un. Ọ̀gá àgbà ti fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ nígbà náà.

Àmọ́ ìkíni ni idán tó ga jù. Ẹni tó bá jẹ́ ọmọ Yorùbá tí wọ́n tọ́ dàgbà ní Abuja á mọ ìdí rẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì ni a ń sọ ní ilé-ìwé gidi, pijin ni a ń sọ lójú títì. Yorùbá tiwa, ká má purọ́, kò ju ìkíni lọ. Mọ́mì, òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀, gbà kí a máa fi Gẹ̀ẹ́sì dá òun lóhùn, àmọ́ ẹni tí kò bá kí i dáadáa kò ní rí ẹran nínú ọbẹ̀. Nítorí náà a mọ ẹ kú iṣẹ́, a mọ ẹ kú ìrìn, ẹ kú ewu, ẹ kú ìnáwó. Kò sí ohun tó lè ṣẹlẹ̀ séèyàn tí Yorùbá kò ní ìkíni fún. Ibẹ̀ ni ẹ̀gbọ́n mi ti mú un: tí ohun gbogbo bá ní ìkíni tirẹ̀, a jẹ́ pé tí a bá kọ́kọ́ kí, ohun náà kò ní ibi tí yóò sá gbà.

Dádì ni a fi dán an wò. Abaji ló ti ń ṣiṣẹ́, ó ń kọ́ àwọn àgbẹ̀ ní ọ̀nà ọ̀gbìn tuntun, ọjọ́ Jímọ̀ ló sì máa ń wálé. Tó bá di ìrọ̀lẹ́ Jímọ̀, a ó jáde sẹ́nu géètì nígbà tí kò tíì sí ẹnikẹ́ni lójú ọ̀nà. Ẹ̀gbọ́n mi á kúnlẹ̀, èmi á dọ̀bálẹ̀ sínú eruku pupa pẹ̀lú yúnífọ́ọ̀mù, a ó sì pariwo pọ̀: "Ẹ kú àbọ̀, Dádì!" Màìgádì, tí kò fẹ́ kí ìkíni ṣòfò, á dá wa lóhùn: "Yauwa, sànnu." Kò ní pẹ́, a ó gbúròó ọkọ̀ Dádì.

Mo mọ̀ nísinsìnyí pé ọjọ́ Jímọ̀ ló ń mú un wálé. Nígbà náà, ẹni tó bá sọ bẹ́ẹ̀ á bá mi jà. Dádì fúnra rẹ̀ tún ń bá wa dá kún un. Á sọ̀ kalẹ̀, á máa kó iṣu jáde nínú ọkọ̀, á ní, "Ẹ ti tún kí mi, àbí? Gwagwalada ni mo wà tí ọkọ̀ yìí bẹ̀rẹ̀ sí í sáré fúnra rẹ̀. Ẹ máa rọra kí mi o, ọlọ́pàá wà lọ́nà." Inú mi á dùn débi pé n kò ní lè jẹun. Tí wọ́n bá ní kí n gba wákàtí kan padà nínú ayé mi, ọ̀kan nínú àwọn ìrọ̀lẹ́ Jímọ̀ yẹn ni n ó gbà.

Ní Jímọ̀ kan, a kí Dádì, kò dé. Àìsàn ló mú un ní Abaji, wọ́n sì ti gbé e lọ sí ọsibítù. Mọ́mì ń lọ, ó ń bọ̀. Ẹ̀gbọ́n mi kò jẹ́ kí a sinmi: a fi ẹ kú ewu kún ẹ kú àbọ̀, a sì ń kí Dádì lẹ́nu géètì ní òwúrọ̀ àti ìrọ̀lẹ́ títí ohùn mi fi há. Mo fẹ́ kó wálé ju ohunkóhun lọ.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Mọ́mì dé pẹ̀lú ìyá àgbà kan láti ṣọ́ọ̀ṣì wa. Mọ́mì jókòó láì bọ́ bàtà. Ìyá náà na ọwọ́ sí wa, ó ní, "Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ kú..." Kò rí i parí. Ẹ̀gbọ́n mi ti fò dìde, ó ti fi àtẹ́lẹwọ́ bo àgbàlagbà lẹ́nu. "Ẹ má kí wa! Plíìsì mà, ẹ má tíì kí wa!"

Ó yé mi lójú ẹsẹ̀. Tí ẹnikẹ́ni kò bá tíì kí wa, Dádì kò tíì kú.

Mo retí ìgbátí. Mọ́mì kò gbé ọwọ́. Dádì ti sọ fún un nípa ilé-ìwé wa. Ó kàn sọ fún ìyá náà pé, "Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹ jẹ́ kó rí bẹ́ẹ̀." Báyìí ni àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì àti àwọn ará ibi iṣẹ́ ṣe ń wọlé tọ̀ wá, tí wọn kò kí ẹnikẹ́ni, nínú ilé Yorùbá! Màìgádì ló ń kìlọ̀ fún wọn lẹ́nu géètì: "Kai, ba gaisuwa! Make una no greet!" Wọ́n á wọlé, wọ́n á jókòó, wọ́n á máa wo ilẹ̀. Mọ́mì ń gbé omi fún wọn, ó ń béèrè bóyá fáànù ń fẹ́ sí wọn. Ojú rẹ̀ gbẹ.

Ẹ̀gbọ́n mi jókòó lẹ́bàá ilẹ̀kùn, ó ń ṣọ́ ẹnu àwọn àlejò. Nígbà tó yá, mo rí i pé ó ti yí ojú sí Mọ́mì. Mọ́mì ń fi àkísà nu tábìlì tó ti nù tẹ́lẹ̀. Kò sí ẹni tó lè dì mọ́ ọn, nítorí kò sí ẹni tó lè sọ ọ̀rọ̀ tí yóò fi bẹ̀rẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n mi dìde. Ó lọ bá a níwájú gbogbo wọn, ó fi eékún méjèèjì kúnlẹ̀, ó sì sọ ọ́ ní Yorùbá tó já gaara: "Mọ́mì, ẹ kú ará fẹ́ra kù."

Mọ́mì ju àkísà náà sílẹ̀, ó dì mọ́ ọn, ó sì bú sẹ́kún. Ìgbà náà ni àwọn àlejò tó bẹ̀rẹ̀ sí í kí wa.