Obìnrin Tó Ń Ṣe Ìyá Fún Àbúrò Rẹ̀

Ọmọ ọdún mẹ́tàlélógún ni nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ sọ ọ́ di arúgbó.

Iṣẹ́ aṣọ ló gbé e dé ilé eré. Ìyá rẹ̀, tí gbogbo àdúgbò ń pè ní Ìyá Aránṣọ, ló ń rán ẹ̀wù fún ẹgbẹ́ òṣèré kan tó ń lo gbọ̀ngàn ẹ̀yìn ilé ìfìwéránṣẹ́. Tìyá-tọmọ ni wọ́n jọ máa ń gbé aṣọ lọ, tí wọ́n á kúnlẹ̀ sẹ́sẹ̀ àwọn òṣèré, tí wọ́n á máa fi abẹ́rẹ́ há etí ẹ̀wù. Lọ́jọ́ kan, obìnrin tó máa ń ṣe ìyá àgbà nínú eré ò wá. Àìsàn ti dè é mọ́lẹ̀. Olùdarí eré ń lọ, ó ń bọ̀ lórí ìtàgé bí ẹni tó sọ nǹkan nù. Ọmọbìnrin yìí wà ní kọ̀rọ̀ kan ní tirẹ̀, ó ń pa ìyá rẹ̀ lẹ́rìn-ín. Ó ń ṣe bí obìnrin tí kò wá náà ṣe máa ń dìde lórí àga: ọwọ́ á kọ́kọ́ wá ibi tó máa dì mú, ẹnu á kérora, lẹ́yìn náà ni orúnkún á ṣẹ̀ṣẹ̀ gbọ́ pé ìrìn-àjò ti yá. Olùdarí rí i.

"Ìwọ, tún un ṣe."

Ó tún un ṣe.

"Ṣé o mọ ọ̀rọ̀ tí obìnrin yẹn ń sọ nínú eré?"

"Mo ti gbọ́ ọ títí, sà, ó ti fẹ́ máa gba etí kejì jáde."

Wọ́n da àtíkè sí i lórí, wọ́n fi lẹ́ẹ̀dì dúdú fa ìlà sí i níwájú orí, wọ́n tì í jáde. Nígbà tó la ẹnu, gbọ̀ngàn pa rọ́rọ́. Nígbà tí eré parí, tó na ẹ̀yìn rẹ̀ tán láti kí àwọn òǹwòran, ariwo sọ. Ọmọdé ni! Láti ọjọ́ yẹn ló ti di Màmá Àgbà. Èmi tí mo fi ọdún mẹ́fà jù ú lọ náà ń pè é bẹ́ẹ̀, á sì dá mi lóhùn bí ẹni tó bí mi.

Ẹnjiníà ni wọ́n ń pè mí. Iṣẹ́ ẹ̀rọ ohùn ni mo ṣe, ní gbọ̀ngàn yẹn lákọ̀ọ́kọ́, lẹ́yìn náà nílé iṣẹ́ rédíò, níkẹyìn nínú yàrá kékeré kan tí a ti ń gba ohùn sílẹ̀ fún fíìmù. Ohun tí mò ń sọ yìí, apá kan ṣojú mi, ìyókù ló fẹnu ara rẹ̀ sọ fún mi.

Ó ní àbúrò kan ṣoṣo. Bàbá wọn ti kú nígbà tí àbúrò yẹn ṣì ń rá nílẹ̀, ìyá sì wà nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ láti òwúrọ̀ títí ilẹ̀ á fi ṣú, nítorí náà ẹ̀gbọ́n ló pọ̀n ọ́n, òun ló bọ́ ọ, òun ló kọ́ ọ ní ọ̀rọ̀ sísọ. Nígbà tí àbúrò náà di ọmọ ọdún méjìdínlógún, ó tẹ̀ lé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wá síbi iṣẹ́. Olùdarí eré rí ojú rẹ̀, ó gbàgbé ohun tó ń sọ. Láàárín oṣù díẹ̀, òun ló wà níwájú nínú gbogbo eré. Ẹyinjú ni àwọn òǹwòran sọ ọ́.

Nínú eré tí wọ́n kọ́kọ́ jọ ṣe, ẹ̀gbọ́n ni ìyá, àbúrò ni ọmọ. Nínú èkejì, ẹ̀gbọ́n ni ìyá ọkọ tí kò jẹ́ kó gbádùn. Lẹ́yìn ìyẹn ó ṣe agbẹ̀bí, ó ṣe aládùúgbò olófòófó, ó tiẹ̀ ṣe òkú lẹ́ẹ̀kan. Ó ní òkú yẹn lòun gbádùn jù, nítorí kò sí ọ̀rọ̀ láti há sórí, gbogbo àwọn tó sì máa ń bú òun nínú eré ló wá ń sunkún lé òun lórí.

Lẹ́yìn eré kan tí wọ́n pàtẹ́wọ́ fún Ẹyinjú títí, mo gbọ́ wọn nínú yàrá ìmúra.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ má bínú."

"Bínú kí ni?"

"Pé èmi ni wọ́n ń gbé síwájú."

"Ẹni tó bá wà lẹ́yìn ló ń rí gbogbo ìtàgé. Wá, lọ fọ ojú ẹ, àtíkè ti ń wọ̀ ẹ́ lẹ́nu."

Ṣé ó dùn ún? Mi ò mọ̀. Inú ẹni kì í ṣe ìta. Ohun tí mo mọ̀ ni pé bí Ẹyinjú bá wà lórí ìtàgé, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ á dúró lẹ́yìn aṣọ ìkélé, ẹnu rẹ̀ á máa mì pẹ̀lú gbogbo ọ̀rọ̀ tí àbúrò ń sọ.

Ó lọ́kọ fún ìgbà díẹ̀. Káfíńtà tó ń kan ilé orí ìtàgé ni. Àwọn ọ̀rẹ́ ọkùnrin náà máa ń fi ṣe yẹ̀yẹ́: "O kú ìtọ́jú ìyá arúgbó o!" Lákọ̀ọ́kọ́, ó ń bá wọn rẹ́rìn-ín. Nígbà tó yá, kò rẹ́rìn-ín mọ́. Wọn ò bímọ. Lọ́jọ́ kan ó kó irinṣẹ́ rẹ̀, ó ní iṣẹ́ wà nílùú míì, kò sì padà. Màmá Àgbà ò wá a lọ. "Ẹni tó bá fẹ́ lọ," ló sọ fún mi, "ilẹ̀kùn kì í há jù fún un." Ó wá rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ó pẹ́ kó tó tún rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀.

Nígbà tí tẹlifíṣọ̀n dé, wọ́n fi ṣe onílé burúkú kan nínú eré ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọdún ló fi ń lé àwọn ayálégbé síta. Lọ́sẹ̀ tó lé ọmọ òrukàn kan sínú òjò, obìnrin oníbúrẹ́dì tó wà ní ìkóríta wọn ò tà fún un. "Ẹ lọ jẹ owó ilé," lobìnrin náà wí. Màmá Àgbà bẹ̀ ẹ́ títí, kò gbà, àfi ìgbà tí Ẹyinjú fúnra rẹ̀ wá ra búrẹ́dì náà. Wọ́n fi búrẹ́dì kejì ta Ẹyinjú lọ́rẹ.

Ṣùgbọ́n nínú yàrá ohùn ni mo ti mọ ohun tó wà nínú obìnrin yẹn. A fi ohùn rẹ̀ ṣe abo adìyẹ, a fi ṣe ológbò ọ̀lẹ, a fi ṣe ọmọkùnrin kékeré tí imú rẹ̀ dí. Nígbà kan tó ṣe ìyàwó tuntun nínú eré rédíò, àwọn ọkùnrin kan tẹ iléeṣẹ́ láago, wọ́n ní àwọn fẹ́ mọ̀ bóyá ọmọbìnrin yẹn ti ní àfẹ́sọ́nà. Ó ti lé ní àádọ́ta ọdún nígbà náà.

"Ẹ̀rọ ò mọ ojú, Ẹnjiníà," ló sọ. "Ibí nìkan ni wọ́n ti gbà mí láàyè láti jẹ́ ọmọdé."

Ní àsìkò yẹn ni a ṣe fíìmù tí Ẹyinjú ṣe kẹ́yìn. Ilé ẹ̀bá títì ni wọ́n ti yà á, ariwo ọkọ̀ akẹ́rù sì bo ọ̀rọ̀ mọ́lẹ̀, ó wá di dandan kí àwọn òṣèré wá tún gbogbo ọ̀rọ̀ wọn sọ nínú yàrá mi, kí wọ́n máa wo ẹnu ara wọn lójú fíìmù. Màmá Àgbà wá, ó ṣe tirẹ̀ tán. Ẹyinjú náà wá. Ó jókòó síwájú ẹ̀rọ, gbólóhùn kan ò dé òpin kí ikọ́ tó já a. Ó ti rù. Ó ní, "Ẹnjiníà, ẹ jẹ́ kí n sinmi, mo máa padà wá lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀." Ọ̀sẹ̀ yẹn ò bá a láyé. Àrùn ẹ̀dọ̀fóró ni, ó sì ti pẹ́ lára rẹ̀. Orí itan ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló wà nílé ìwòsàn nígbà tó dákẹ́.

Ojú Ìyá Aránṣọ ò ríran mọ́ nígbà náà. Ọwọ́ ni wọ́n fi wo ọmọ wọn kí a tó sin ín: iwájú orí, imú, àgbọ̀n. Kí ọmọ sin ìyá ló yẹ.

Kò pẹ́ lẹ́yìn náà tí ẹni tó ni fíìmù fi wá sílé ọ̀fọ̀. Ó kí wọn, ó jókòó, ó ń fi ọwọ́ ra orúnkún.

"Màmá, ọ̀rọ̀ yìí wúwo lẹ́nu mi. Ohùn Ẹyinjú ò sí nínú fíìmù yẹn."

"Ẹ jẹ́ kó máa wà bẹ́ẹ̀."

"Tó bá wà bẹ́ẹ̀, kò sẹ́ni tó máa rí iṣẹ́ tó ṣe kẹ́yìn. Ẹ̀yin lẹ mọ bó ṣe ń sọ̀rọ̀."

"Mo ní ẹ jẹ́ kó wà bẹ́ẹ̀."

Ọkùnrin náà dìde. Ó dé ẹnu ọ̀nà kó tó sọ ọ́: "A ti rí ọmọbìnrin kan tí ohùn rẹ̀ fara jọ ọ́ díẹ̀. A ó gbìyànjú ẹ̀."

Màmá Àgbà gbé orí sókè. Kí wọ́n fi ohùn ẹni ẹlẹ́ni sẹ́nu ọmọ tóun kọ́ ní ọ̀rọ̀ sísọ? Ó ní, "Ẹ sọ fún ọmọbìnrin yẹn kó jókòó sílé."

Ó wá sí yàrá mi ní àárọ̀ ọjọ́ Ajé. Ó mu omi, ó sì ní kí n bẹ̀rẹ̀. Mo ti ń gba ohùn fún ọ̀pọ̀ ọdún, ṣùgbọ́n nígbà tí ẹnu Ẹyinjú là lójú fíìmù tí ohùn Ẹyinjú sì jáde nínú yàrá, irun ara mi dìde. A ń lọ dáadáa títí a fi dé ibi ìjà. Níbẹ̀, ọmọ ń bá ìyá rẹ̀ jà. Màmá Àgbà fúnra rẹ̀ ló ṣe ìyá náà, ohùn tirẹ̀ sì ti wà nínú ẹ̀rọ. Ó ku kó dá ara rẹ̀ lóhùn.

"Ìyá mi, ẹ wojú mi dáadáa," ló sọ ní ohùn àbúrò rẹ̀, "kẹ́ ẹ tó sọ pé nǹkan kan ò ṣe mí."

Ohùn tirẹ̀ jáde láti inú ẹ̀rọ: "Mo wò ẹ́. Nǹkan kan ò ṣe ẹ́. Àṣejù ni."

Màmá Àgbà gbé ọwọ́ sókè. Ó ní, "Ẹ dá a padà."

Mo dá a padà.

"Ẹ wo èjìká ẹ̀, Ẹnjiníà. Ó mí níbi tí kò yẹ kó mí. Ẹ wò ó, ó tún mí. Gbólóhùn tí ò gùn, ó gé e sí mẹ́ta."

Mo wò ó. Òótọ́ ni. Ìrora wà lára rẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n ń ya fíìmù yẹn, ó sì ń fi eré bò ó mọ́lẹ̀.

"Èmi ni mo dúró síwájú ẹ̀," Màmá Àgbà wí. "Mò ń wò ó lójú kòrókòró. Mo rò pé eré ló ń ṣe. Mo tiẹ̀ yìn ín. Mo ní, 'Àbúrò mi, o gbìyànjú, o ṣe é bí aláìsàn gidi.' Ó sì rẹ́rìn-ín sí mi."

Ó sunkún débi pé mo pa ẹ̀rọ. Mo ní ká máa lọ sílé. Ó gbọn orí. Àwọn àgbà ní bí a bá ń sunkún, à máa ríran. Ó nu ojú, ó ní kí n tan ẹ̀rọ, ó sì sọ gbogbo rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, ó ń mí ní gbogbo ibi tí àbúrò rẹ̀ ti mí.

Nígbà tí ẹni tó ni fíìmù gbọ́ ọ, ó ní èémí náà pọ̀ jù, kí n yọ ọ́. Màmá Àgbà ò pariwo. "Èémí ẹ̀ ni," ló sọ. "Ẹni tó bá yọ ọ́, kó yọ ohùn mi pẹ̀lú." A fi í sílẹ̀.

Ohun kan ṣoṣo ló bẹ̀bẹ̀ fún: kí wọ́n má kọ orúkọ òun sí ohùn yẹn. Lọ́jọ́ tí wọ́n gbé fíìmù náà jáde, gbọ̀ngàn kún dẹ́nu. Obìnrin kan tó jókòó lẹ́yìn wa ń fi aṣọ nu imú, ó ń sọ pé, "Ẹ gbọ́ ohùn! A ò lè rí irú ẹ̀ mọ́ láyé." Màmá Àgbà tẹjú mọ́lẹ̀. Lẹ́nu ọ̀nà, obìnrin yẹn dá a mọ̀. "Ẹ̀yin kọ́ lẹ ṣe ìyá burúkú yẹn? Háà, ẹ ò ṣe é re! Ọmọ ní ara òun ò yá, ẹ ní àṣejù ni!" Màmá Àgbà ní, "Ẹ má bínú." Bí ẹni tó jẹ̀bi ló ṣe sọ ọ́.

Wọ́n gbé fíìmù náà sórí tẹlifíṣọ̀n lọ́dún tó tẹ̀ lé e. Mo wà nílé wọn. Ìyá Aránṣọ jókòó sórí àga, wọ́n dojú kọ ibi tí ohùn ti ń jáde, omi ń bọ́ lójú wọn wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́. Nígbà tó parí, Màmá Àgbà kúnlẹ̀ tì wọ́n. Ó fẹ́ jẹ́wọ́.

"Ìyá mi, ohùn yẹn..."

"Mo mọ̀. Ìwọ ni."

"Ẹ mọ̀?"

"Ẹni tó bí méjì kì í gbọ́ ọ̀kan. Ìwọ lò ń sọ̀rọ̀, òun ló ń mí."

Wọ́n di orí ọmọ wọn mú mọ́ àyà.

Màmá Àgbà ò ṣe ohùn ọmọdé mọ́ lẹ́yìn náà. Bí ìpolówó ọṣẹ tàbí eré àwòrán fún ọmọdé bá wá, á ní kí n wá ẹlòmíì. Ohùn àwọn ìyá ló ń ṣe lórí rédíò, nígbà tó sì yá, iṣẹ́ ò wá mọ́. Ó tọ́jú Ìyá Aránṣọ títí wọ́n fi kú. Ó wá ku òun nìkan nínú ilé náà. Bí mo bá lọ kí i, á ti tan rédíò sílẹ̀, ṣùgbọ́n kì í gbọ́ ọ. Ó ní ìdákẹ́jẹ́ẹ́ ilé náà ti pọ̀ jù.

Ìgbà òjò tó kọjá lòun náà kú, lójú oorun. Ìwé ìròyìn kan gbé e, ìpínrọ̀ kékeré kan nísàlẹ̀ ojú ewé: "Ìyá Ẹyinjú, òṣèré tó gbajúmọ̀ nnì, ti dágbére fáyé." Mo fẹ́ lọ bá wọn jà pé kí wọ́n tún un kọ. Mo wọ bàtà, mo dé ẹnu ọ̀nà. Mo rántí ẹni tó pọ̀n ọmọ náà, mo padà jókòó.

A ò pọ̀ níbi ìsìnkú rẹ̀. Òṣèré àtijọ́ díẹ̀, àwọn aládùúgbò, àti obìnrin oníbúrẹ́dì tó ti darúgbó, tó ń fi ọ̀pá rìn. Kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀ gígùn. Nígbà tí wọ́n bo ibojì tán, a dúró díẹ̀ sí i, nítorí kò sẹ́ni tó fẹ́ kọ́kọ́ lọ.