Ìdì Kẹta Tó Wá Láti Ọ̀dọ̀ Mi

Gbólóhùn tí ìyá mi fi gún ìyàwó mi lára fún ọ̀pọ̀ oṣù, èmi ni mo kọ́kọ́ sọ ọ́. Mi ò ní yí i po. A wà lórí bẹ́ǹṣì ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ọsibítù kan l'Óṣogbo. Oyún ti bàjẹ́ lára ìyàwó mi, wọ́n ti gbé e wọlé lọ fọ inú rẹ̀. Ìyá mi ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀ nínú mọ́tò láti Ìlobù ni, gèlè wọn ti wọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan. Wọ́n ní, "Kí ló ṣe tí oyún fi wálẹ̀?" Ẹ̀rù ń bà mí, ó sì ti rẹ̀ mí. Mo ní, "Ó ru ọmọ ọ̀gẹ̀dẹ̀ láàárọ̀, màmi." Bẹ́ẹ̀ ni mo wí. Mi ò fi kún un pé èmi ni mo gbé e rù ú.

Iṣẹ́ ọ̀gẹ̀dẹ̀ àgbagbà ni mò ń ṣe. Mo parí ilé-ìwé girama, ìdánwò àṣejáde ò dáa tó, mo bá padà sóko. Mo ní ilẹ̀ díẹ̀ lẹ́bàá odò lẹ́yìn Ìlobù. Bí ọmọ bá hù nídìí ọ̀gẹ̀dẹ̀, mo máa ń wú u, mo máa ń fi àdá họ ìdí rẹ̀ kí kòkòrò má bàa bá a lọ, mo sì ń tà á fún àwọn tó fẹ́ gbìn. Ará Ìlobù ń rà, ará Ìfọ́n ń rà, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba láti Òṣogbo tó ń kọ́lé sọ́nà ọ̀dọ̀ wa náà ń rà. Ìyàwó mi, ọmọ Ìfọ́n ni. Àwọn tó ń gbọ́ ìjà ilẹ̀ ìlú méjèèjì lórí rédíò máa ń rò pé ọ̀nà jìn síra. Kò jìn. Ẹsẹ̀ ni mo fi ń rìn lọ sọ́dọ̀ bàbá rẹ̀ nígbà tí mò ń fẹ́ ẹ sọ́nà.

Láàárọ̀ ọjọ́ tí mò ń sọ yìí, oníbàárà kan ti gbé mọ́tò wá sétí títì, ó ń fun fèrè. Ọmọkùnrin tó máa ń bá mi kó ẹrù kò wá. Mo pe ìyàwó mi. Oyún oṣù mẹ́ta ló wà nínú rẹ̀. Ó ní, "Ikùn ń dùn mí díẹ̀ láti àná o." Mo ní ẹ̀ẹ̀kan péré ni, kò wúwo. Mo gbé ẹrù ọmọ ọ̀gẹ̀dẹ̀ náà rù ú. Kó tó di ọ̀sán, ẹ̀jẹ̀ ti ń dà.

Nígbà tí àbájáde ohun tí wọ́n fọ̀ jáde ti láàbù dé, a padà lọ. Ìyàwó mi wà lórí ìlà níbi tí wọ́n ti ń gba ẹ̀jẹ̀, ìlà náà gùn bíi ti ilé epo nígbà tí epo bá wọ́n. Dókítà kan yọjú, obìnrin ni, kò lè jù mí lọ púpọ̀. Ó pè wá, èmi nìkan ni mo wọlé. Ojú rẹ̀ pọ́n bíi ti ẹni tí kò sùn.

"Iṣẹ́ wo lẹ ń ṣe, bọ̀dá?"

"Ọ̀gẹ̀dẹ̀ ni, mà. Mò ń gbìn ín, mo sì ń ta ọmọ ẹ̀."

Ó rẹ́rìn-ín. "Ọlọ́run ló rán yín. Ẹni tí mo ṣàlàyé ọ̀rọ̀ yìí fún kẹ́yìn, lọ́yà ni, ó bá mi jiyàn títí orí fi fọ́ mi. Ẹ ti la ọ̀gẹ̀dẹ̀ àgbagbà rí, kí ẹ bá kóró nínú ẹ̀?"

"Rárá, mà. Àmì dúdú kéékèèké ló máa ń wà níbẹ̀."

"Ẹ mọ ìdí ẹ̀?"

"Bí Ọlọ́run ṣe dá a ni."

"Àmín. Àmọ́ ẹ jókòó, ẹ gbọ́."

Mo lè sọ ohun tó sọ báyìí, torí kò kúrò lórí mi láti ìgbà náà. Ó ní sẹ́ẹ̀lì ni wọ́n fi mọ gbogbo ohun abẹ̀mí, bí ẹni fi búlọ́ọ̀kù mọlé, ṣùgbọ́n wọ́n kéré débi tí ojú lásán ò lè rí wọn. Nínú sẹ́ẹ̀lì kọ̀ọ̀kan ni àwọn fọ́nrán kan wà tí wọ́n ń pè ní kromosómù. Àwọn ló gbé ogún tí ìyá àti bàbá fi sílẹ̀ fún ọmọ: àwọ̀ ara, gíga, bí imú yóò ṣe rí. Ìdì méjì ni tèèyàn. Ìyá mú ìdì kan wá, bàbá mú ìdì kan wá. Kí obìnrin tó lè mú ìdì kan sínú ẹyin, ara rẹ̀ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ pín méjì tó ní. Bẹ́ẹ̀ náà ni ti ọkùnrin.

"Nígbà míì," ó ní, "ewéko á gbàgbé àtipín. Dípò kó fi ìdì kan ránṣẹ́, á da méjèèjì pọ̀. Ẹnì kejì á mú ọ̀kan tiẹ̀ wá. Mélòó nìyẹn?"

"Mẹ́ta."

"Ọ̀gẹ̀dẹ̀ yín nìyẹn. Ìdì mẹ́ta ló jogún. Kò dí i lọ́wọ́ àtitóbi, kò dí i lọ́wọ́ àtidùn. Àmọ́ tó bá di pé kó ṣe irúgbìn, tó bá ní kí òun pín mẹ́ta sí méjì, kò ní dọ́gba. Kóró ò lè dúró. Ẹ̀yin lẹ wá di agbẹ̀bí ẹ̀, tí ẹ ń wú ọmọ nídìí ẹ̀."

Ó ní ewùrà míì wà tí ìdì tiẹ̀ pé mẹ́rin. Ó ní àwọn tó ń ṣe irúgbìn tuntun máa ń fi oògùn dá sẹ́ẹ̀lì dúró lágbede méjì, kó lè ṣe ìlọ́po ohun inú rẹ̀ láìpín. Ó ní kódà nínú ẹ̀dọ̀ èmi àti òun, àwọn sẹ́ẹ̀lì kan ti di ìlọ́po, a sì ń jẹ, a ń mu, kò pa wá lára.

Ó wá rẹ ohùn sílẹ̀. "Ewéko lè gbé e. Ṣùgbọ́n odidi ọmọ èèyàn tó bá ti ìbẹ̀rẹ̀ ní mẹ́ta, kì í lè dúró. Ibi ọmọ á máa wú, á kún fún omi, ọmọ fúnra ẹ̀ ò ní lè dàgbà. Ti ìyàwó yín, ẹyin kan ló wá. Tí ẹyin bá ti gba àtọ̀ kan wọlé, ó yẹ kó tilẹ̀kùn. Méjì ló jọ wọlé kó tó tì í. Ìdì kan láti ọ̀dọ̀ ìyá, méjì láti ọ̀dọ̀ bàbá."

Mo bi í bóyá ẹrù tó rù ló fà á.

"Ẹrù kẹ̀! Ọjọ́ tí oyún yẹn dúró gan-an lọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀, kí ẹnikẹ́ni nínú yín tó mọ̀ pé oyún wà. Ì báà sùn sórí bẹ́ẹ̀dì látìgbà náà, ibi kan náà ló máa já sí. Kì í ṣe ẹ̀bi ẹ̀, kì í sì í ṣe ẹ̀bi tiyín náà. Ó kàn máa ń ṣẹlẹ̀ ni. Ẹ bá mi ṣàlàyé fún un, wọ́n ń pè mí ní wọ́ọ̀dù. Kó máa wá fún àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀, ká lè mọ̀ bóyá ibi ọmọ tó wú yẹn ti tán nínú ẹ̀ pátápátá, kó má sì lóyún títí a ó fi ní ó yá."

Ọ̀rọ̀ tó sọ pọ̀, ṣùgbọ́n ẹyọ kan ló dúró sí mi létí: méjì láti ọ̀dọ̀ bàbá. Níbi tí mo dàgbà sí, bí oyún bá bàjẹ́, a máa ń wá ẹni tó bà á jẹ́. Mo rò ó pé bí kò bá jẹ́ ìyàwó mi, á jẹ́ pé èmi ni. Pé ó lè má jẹ́ ẹnikẹ́ni, dókítà sọ ọ́ ketekete, kò wọ orí mi. Mo jáde, mo bá ìyàwó mi tó ń fi òwú tẹ apá. Ó ní, "Kí ni wọ́n wí?" Mo ní, "Wọ́n ní kó o máa wá fún àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀, kó o má tíì lóyún." Ó ní, "Ìyẹn nìkan?" Mo ní, "Ìyẹn nìkan."

A bẹ̀rẹ̀ sí í lọ, a ń bọ̀. Ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀ ni lákọ̀ọ́kọ́, nígbà tó yá ó di oṣooṣù. Dókítà tí a bá lónìí kọ́ la ń bá lọ́la. Ẹni tó bá wà lórí àga á wo nọ́ńbà ẹ̀jẹ̀, á ní, "Ó ń lọ sílẹ̀, ó dáa, ẹ padà wá." Kò sẹ́ni tó tún ṣàlàyé fún ìyàwó mi, torí wọ́n gbà pé ó ti gbọ́. Ó ti mọ̀ ọ́n débi pé kí nọ́ọ̀sì tó sọ̀rọ̀ ni yóò ti ká apá aṣọ sókè. Bí a bá ń bọ̀ nínú mọ́tò, á fi orí ti gíláàsì, á dijú. Èmi náà á dijú. Àwa méjèèjì ò sì sùn.

Ìyá mi kì í ṣe ìkà. Ilé-ìwé ni wọ́n ti ń se oúnjẹ fáwọn ọmọ kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì, ọmọ ọlọ́mọ ni wọ́n sì fi gbogbo ayé wọn bọ́. Nígbà tí oyún yẹn ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, àwọn ló ń gbé àsáró wá fún ìyàwó mi láràárọ̀. Àmọ́ ohun tí mo sọ fún wọn lórí bẹ́ǹṣì ni wọ́n mọ̀, òun ni wọ́n sì ń sọ. Lọ́jọ́ kan wọ́n bi í pé, "Ìyàwó, ṣé kò tíì sí nǹkan?"

"Dókítà ní ká ṣì dúró, mà."

"Dókítà! Ẹni tó ru ọmọ ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó sọ ọmọ èèyàn sílẹ̀, òun ló ń sọ fún mi pé dókítà ní." Wọ́n rẹ́rìn-ín, ó jọ pé gbólóhùn náà dùn lẹ́nu wọn. Láti ọjọ́ yẹn ni wọn ò ti jẹ́ kó sinmi. Mo wà níbẹ̀. Mò ń pọ́n àdá. Mi ò dáwọ́ dúró.

Ọjọ́ ìkómọ ọmọ àbúrò mi ló bàjẹ́ pátápátá. Ìyàwó mi ti wà nídìí ààrò láti ìdájí. Nígbà tí wọ́n ń gba ọmọ láti ọwọ́ dé ọwọ́, ó nu ọwọ́ rẹ̀ nù, òun náà na ọwọ́. Ìyá mi ní, "Ẹ rọra o, ẹni tó ń sọ ọmọ sílẹ̀ nìyẹn." Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Àbúrò mi wolẹ̀. Ìyàwó mi wò mí, ó wò mí pẹ́, bíi pé ó ń retí kí n sọ̀rọ̀. Mo ní kí wọ́n gbé omi tútù fún àwọn àlejò. Kí a tó palẹ̀ mọ́, ó ti kó aṣọ rẹ̀ lọ sí Ìfọ́n.

Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ tún gbóná láàárín ìlú méjèèjì kò pẹ́ sí i. Àwọn ṣọ́jà dúró sójú ọ̀nà, wọ́n ní kí oníkálùkù jókòó sílé. Mo fi ìyẹn bojú. Bí ẹnikẹ́ni bá bi mí léèrè ìyàwó mi, mo ní ọ̀nà ò dáa. Nígbà tí ọ̀nà tún là, tí àwọn ènìyàn ń lọ tí wọ́n ń bọ̀, mi ò tún ní nǹkan tí mo lè fi bojú mọ́. Mo lọ.

Bàbá rẹ̀, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì, wà níwájú ilé. Mo dọ̀bálẹ̀. Wọ́n jẹ́ kí n pẹ́ nílẹ̀ díẹ̀ kí wọ́n tó ní kí n dìde. Wọ́n ní, "Ìyàwó ẹ wà lẹ́yìnkùlé. Mi ò lé e wá, mi ò sì ní lé e lọ."

Ẹ̀gẹ́ ni mo bá a tó ń bẹ. Mo jókòó sórí odó tó dojú dé, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un: ìdì mẹ́ta, ilẹ̀kùn tí kò tètè tì, pé kì í ṣe ẹrù, pé ọjọ́ tí oyún dúró gan-an ló ti bẹ̀rẹ̀. Ọ̀bẹ rẹ̀ kò dúró.

"Ìgbà wo lẹ ti mọ̀?"

"Láti ọjọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ gba ẹ̀jẹ̀ ẹ."

"Gbogbo bí màmá yín ṣe ń sọ ọ́, ẹ ti mọ̀?"

"Mo ti mọ̀."

"Gbogbo òru tí mo ń bi ara mi pé kí ló dé tí mi ò sọ pé mi ò ní ru ẹrù yẹn, ẹ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ẹ sì ti mọ̀."

Ó ju ẹ̀gẹ́ tó bẹ tán sínú omi, ó mú òmíràn.

"Pé ó wá láti ọ̀dọ̀ bàbá, kí ni mo fẹ́ fi ṣe? Ṣé ẹ rán àtọ̀ níṣẹ́ ni?" Ẹ̀rín fẹ́ pa á, kò jẹ́ kó jáde. "Èmi ti gbọ́ tèmi. Ẹni tí ẹ kọ́kọ́ sọ ti ẹrù fún, ẹ lọ sọ èyí fún wọn. Kí ẹ sì sọ ẹni tó gbé e rù mí."

Mo gba ibẹ̀ lọ sọ́dọ̀ ìyá mi. Wọ́n jókòó sẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ń ṣa ẹ̀wà. Wọ́n ní, "Ìyàwó ẹ ńkọ́? Ṣé wọ́n ò ní dá a padà ni?" Mo ní, "Màmi, ọ̀rọ̀ oyún ọjọ́sí..." Wọ́n gbójú sókè. Etí wọn ò já fáfá mọ́, ẹnu èèyàn ni wọ́n ń wò kí wọ́n tó gbọ́. Wọ́n ń wo ẹnu mi. Mo ní, "Ó ti pẹ́."

"Ó ti pẹ́ lóòótọ́," wọ́n ní. "Ọlọ́run á fi òmíràn rọ́pò." Wọ́n padà sídìí ẹ̀wà wọn.

Mo ti padà síbẹ̀ lẹ́yìn ìyẹn. Mo bá wọn jẹun, mo bá wọn tún ilẹ̀kùn ṣe, mo dìde, mo lọ. Àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ tó kẹ́yìn kù sí ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Ìyàwó mi pè mí lórí fóònù lọ́sàn-án àná. Ó ní, "Ẹ ti sọ ọ́?" Mo ní mi ò tíì sọ ọ́. Ó ní, "Ẹ má wulẹ̀ bá mi lọ s'Óṣogbo nígbà náà. Àbúrò mi á bá mi lọ." Kò fi ìbínú sọ ọ́. Ó rẹ̀ ẹ́ ni.

Ọ̀rọ̀ tí mo jẹ ìyàwó mi ní gbèsè yìí, mo ti sọ ọ́ fún òun, mo ti kọ ọ́ síbí fún ẹni tí mi ò mọ̀. Etí ìyá mi ló kù, mi ò sì tíì san án níbẹ̀.