Omi Ata Tí Mo Dà Sí Akíka Lára

Mò ń gé ata rodo lọ́wọ́ nígbà tí ọmọbìnrin mi na fóònù sí mi.

"Mọ́mì, ẹ wo ẹkídínà! Ẹ̀gún ló bò ó, ó ń yé ẹyin, ó tún ń fún ọmọ lọ́mú!"

Ẹranko náà kákò bíi bọ́ọ̀lù.

Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, lọ́sàn-án ọjọ́ kan ní Ṣàngótẹ̀dó, katapílà hú akíka kan jáde nínú igbó ẹ̀yìn ilé wa. Ó kákò, kò ṣí. Èmi ni mo bu omi ata dà sí i lára. Ó ṣí, nǹkan funfun kékeré kan já bọ́.

"Ọmọ yìí gbọ́n o!" ni awakọ̀ wí. Orí mi wú.

Ìgbà tí mo di abiyamọ ni mo tó mọ̀ pé ọmọ rẹ̀ ló gbá mọ́ra.

"Mọ́mì, ṣé ẹ ti rí ẹranko tó ń kákò báyìí rí?"

Mo ní rárá. Ata ṣì wà lọ́wọ́ mi.